Ẹ tà á tán, ẹ fi yá wọn, àbí ẹ kọ ọ́ fún olórin? Ìfiwéra ọ̀nà oúnjẹ fún ẹni tó ń ṣe orin fíìmù ní Ilé-Ifẹ̀

Ẹni tó mọ orin ṣe kò wọ́n ní Ifẹ̀. Ẹ̀ka Ẹ̀kọ́ Orin wà ní Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀, agbo ilé àyàn wà láàárín ìlú, ṣọ́ọ̀ṣì tí kò sì ní ọmọ tó ń tẹ kíbọ́ọ̀dù ṣọ̀wọ́n. Àdéhùn ló ń dá àwọn èèyàn wa lẹ́kun. Pùrodúsà á pè lọ́jọ́ Ajé pé òun fẹ́ orin fíìmù kó tó di ọjọ́ Ẹtì, á dárúkọ iye kan, ẹni tí wọ́n pè á ní ó dáa. Kò ní béèrè ta ni yóò ni orin náà nígbà tí fíìmù bá jáde tán. Tó bá wá gbọ́ orin ara rẹ̀ nínú fíìmù mìíràn lọ́jọ́ iwájú, kò ní ìwé kankan lọ́wọ́ tó lè fi bá wọn sọ̀rọ̀.

Ọ̀nà mẹ́rin ló wà nílẹ̀ fún ẹni tó fẹ́ fi iṣẹ́ yìí jẹun láì kúrò ní Ifẹ̀ tàbí Iléṣà. Ẹ lè ta orin náà tán pátápátá. Ẹ lè fi yá fíìmù kan lò, kó ṣì jẹ́ tiyín. Ẹ lè kó o sí ilé ìpamọ́ orin lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí ẹni tó bá fẹ́ máa sanwó lò ó. Ẹ sì lè máa kọ orin fún olórin àti fún ìpolówó, kí iṣẹ́ fíìmù wá jẹ́ àfikún.

Ohun tí a fi ń wọ̀n wọ́n

Ìgbà tí owó ń dé la kọ́kọ́ wò: ṣé lójú ẹsẹ̀ ni, àbí díẹ̀díẹ̀ fún ọdún pípẹ́? Lẹ́yìn náà la wo ẹni tó ni orin, iye tí ẹ máa ná kí kọ́bọ̀ kankan tó wọlé (owó onílù, epo jẹnẹrétọ̀, dátà), àti ibi tí iṣẹ́ náà ti sábà máa ń bàjẹ́. Èyí tó kẹ́yìn ni àwọn èèyàn kì í bi ara wọn léèrè: ṣé ọ̀nà yìí á fipá mú yín kó lọ sí Èkó, àbí ohun tó wà nílẹ̀ níbí gan-an ló ń fún un lágbára?

Lórí ọ̀rọ̀ ẹni tó ni orin, òfin ti là á. Òfin Ẹ̀tọ́ Àdàkọ ti 2022, tí Ààrẹ buwọ́ lù ní oṣù Kẹta 2023, fi ẹ̀tọ́ sọ́wọ́ ẹni tó ṣẹ̀dá orin, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹlòmíì ló gbé iṣẹ́ náà fún un tó sì sanwó, àfi tí àwọn méjèèjì bá kọ nǹkan mìíràn sínú ìwé. Ẹ ò lè fi ẹnu lásán gbé ẹ̀tọ́ yẹn fún ẹnikẹ́ni. Ó gbọ́dọ̀ wà lákọsílẹ̀. Ó wà fún yín ní gbogbo ọjọ́ ayé yín, ó tún wà fún 70 ọdún lẹ́yìn tí ẹ bá ti lọ, kí àwọn ọmọ lè máa jẹ níbẹ̀. Nítorí náà, ìwé tí pùrodúsà gbé wá fún yín láti fọwọ́ sí ni ẹ̀tọ́ náà máa ń gbà lọ. Ẹ kà á títí dé ìlà ìsàlẹ̀.

Ẹ tún jẹ́ ká ya nǹkan méjì sọ́tọ̀, nítorí pé gbogbo ìmọ̀ràn tó ń bọ̀ dúró lé e. Oríṣi orin méjì ló wà nínú fíìmù Yorùbá. Ọ̀kan ni orin abẹ́lẹ̀, tí kò ní ọ̀rọ̀, tó ń dún nígbà tí wọ́n ń sá, tí wọ́n ń sunkún, tí ọkọ̀ ń wọ ìlú. Èkejì ni orin tí wọ́n fi ẹnu kọ, tó ń ro ẹjọ́ inú fíìmù, tí àwọn òǹwòran máa ń kọ tẹ̀lé e. Èyí àkọ́kọ́ kì í fi bẹ́ẹ̀ jáde kúrò nínú fíìmù tí ẹ ṣe é fún. Èkejì lè dá dúró, kó di orin òde àríyá, kó dé orí rédíò. Ìwé àdéhùn tó bá da méjèèjì pọ̀ sábẹ́ iye kan ṣoṣo ti rẹ́ yín jẹ, kódà bí iye náà bá pọ̀.

Kí ẹ tà á tán

Ọ̀nà yìí ni àwọn pùrodúsà fẹ́ràn jù, nítorí wọn ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni wá yọjú lẹ́yìn ọ̀la. Àǹfààní rẹ̀ ni pé owó ń dé kíá, ẹ ò sì ní máa lé ẹnikẹ́ni kiri. Ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀, tí kò sí orúkọ rẹ̀ nínú fíìmù kankan rí, lè gba irú iṣẹ́ báyìí méjì sí mẹ́ta láìbẹ̀rù.

Kí ẹ tó gbà, ẹ ṣírò rẹ̀ ní ìṣẹ́jú-ìṣẹ́jú. Fíìmù oníwákàtí kan àbọ̀ lè gba orin tó ìṣẹ́jú 40. Ẹni tó ń ṣiṣẹ́ gidi lè parí bíi ìṣẹ́jú 2 lójúmọ́, èyí jẹ́ 20 ọjọ́ iṣẹ́. Ká fi ₦300,000 ṣe àpẹẹrẹ lásán: ₦7,500 ni ìṣẹ́jú kan ń jẹ́. Tí onílù, epo àti dátà bá gba ₦120,000 nínú rẹ̀, ₦180,000 ló kù, ìyẹn ₦9,000 lójúmọ́. Tí ẹ bá ti rí iye ojúmọ́ yẹn, ẹ ó mọ̀ bóyá iṣẹ́ ni wọ́n gbé fún yín tàbí ọ̀fẹ́ ni wọ́n ní kí ẹ ṣe.

Bí a ṣe ń gba owó náà ṣe pàtàkì ju iye rẹ̀ lọ. Ìdajì gbọ́dọ̀ wọlé kí ẹ tó fọwọ́ kan nǹkan kan. Ìdá kan nínú mẹ́rin á wọlé nígbà tí wọ́n bá gbọ́ orin lódindi. Ìdá kan nínú mẹ́rin tó kù á wọlé kí fáìlì WAV, ìyẹn ojúlówó ohùn tí a kò fún pọ̀, tó kúrò lọ́wọ́ yín. Kí èyí tí wọ́n máa fi gbọ́ jẹ́ MP3 tí ohùn èèyàn ń sọ “àyẹ̀wò” lórí rẹ̀ ní gbogbo ìṣẹ́jú àáyá 20. Ẹni tó bá fi WAV ránṣẹ́ kí owó tó pé, ó ti parí iṣẹ́ fún pùrodúsà, kò sì sí ohun tó tún lè fi béèrè owó rẹ̀.

Ibi tí ọ̀nà yìí ti ń bàjẹ́ jù ni pé kí wọ́n máa gé fíìmù lẹ́yìn tí orin ti parí. Ẹ má bẹ̀rẹ̀ àyàfi tí olùdarí bá fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ ọ́ pé àwọn ò ní fọwọ́ kan ìran kankan mọ́. Kí ìwé àdéhùn sọ pé àtúnṣe ẹ̀ẹ̀mejì wà nínú owó, ẹ̀ẹ̀kẹta ní owó tirẹ̀.

Ẹ béèrè lọ́wọ́ édítọ̀ pé férémù (àwòrán) mélòó ni fíìmù náà ń lò ní ìṣẹ́jú àáyá kan, 24 ni tàbí 25. Àwọn kan rò pé ìbéèrè yìí kò tó nǹkan, àmọ́ àìbéèrè rẹ̀ ti ba odindi iṣẹ́ jẹ́. Fíìmù 90 ìṣẹ́jú tí wọ́n yà ní 24, bí wọ́n bá gbé e jáde ní 25, á parí ní ìṣẹ́jú 86 àti àáyá 24. Ìṣẹ́jú mẹ́ta àti àáyá 36 ti lọ nìyẹn. Orin tó yẹ kó bọ́ sí ibi tí ìyá ti ṣílẹ̀kùn á dún nígbà tó ti jókòó jẹun. Bákan náà, ní ti ìwọ̀n tí kọ̀ǹpútà fi ń gba ohùn sílẹ̀, 48 kHz ni kí ẹ fi ṣe é, ní 24 bit, kì í ṣe 44.1 kHz ti CD. Bí wọ́n bá ṣi 44.1 lò bíi 48, orin ìṣẹ́jú mẹ́ta á parí ní nǹkan bíi ìṣẹ́jú 2 àti àáyá 45, ohùn rẹ̀ á sì lọ sókè ju bó ṣe yẹ lọ.

Bí ẹ bá tilẹ̀ ta á tán, nǹkan mẹ́ta wà tí kò yẹ kí ẹ tà: orúkọ yín lára fíìmù, àṣẹ láti fi orin náà han ẹlòmíì gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ iṣẹ́ yín, àti ìpín òǹkọ̀wé nínú owó tí rédíò àti tẹlifíṣọ̀n bá san. Ní Amẹ́ríkà, bí ilé iṣẹ́ fíìmù ńlá bá ra orin tán pàápàá, ẹni tó kọ ọ́ sábà máa ń di ìpín òǹkọ̀wé yìí mú, ASCAP tàbí BMI, àwọn ẹgbẹ́ tó ń gba owó orin níbẹ̀, á sì san án fún un tààrà. Kò burú tí ẹ bá ní kí wọ́n kọ irú rẹ̀ sínú ìwé tiyín.

Kí ẹ fi yá wọn lò

Níbí, orin jẹ́ tiyín, ẹ kàn ń fún fíìmù náà láṣẹ láti lò ó ni. Owó ìbẹ̀rẹ̀ sábà máa ń kéré sí ti àtàtán, àmọ́ orin náà lè padà wá jẹun lẹ́ẹ̀kejì àti lẹ́ẹ̀kẹta. Ọ̀nà tó yẹ orin onífẹnukọ nìyí.

Ìwé rẹ̀ ní láti dáhùn ìbéèrè mẹ́rin: fíìmù wo gan-an, níbo ni wọ́n ti máa gbé e (YouTube, tẹlifíṣọ̀n, ilé ṣinimá), fún ọdún mélòó, ṣé ẹlòmíì lè lò ó lásìkò náà? Ohun tó ń já pùrodúsà láyà ni kó máa gbọ́ orin fíìmù rẹ̀ nínú fíìmù ẹlòmíì. Ẹ kọ ọ́ fún un pé fíìmù mìíràn ò ní lo orin náà fún ọdún méjì. Èyí tí ẹ bá fún un lójú ẹsẹ̀ yìí ló sábà máa ń parí àríyànjiyàn.

Lẹ́yìn náà ẹ ṣe ìwé tí àwọn oníṣẹ́ ń pè ní cue sheet. Orin kọ̀ọ̀kan ní ìlà tirẹ̀: orúkọ rẹ̀, ìṣẹ́jú tó ti bẹ̀rẹ̀ nínú fíìmù, bó ṣe gùn tó, bóyá abẹ́lẹ̀ ni tàbí ẹni inú fíìmù ló ń kọ ọ́, ẹni tó kọ ọ́ àti ìpín rẹ̀ nínú ọgọ́rùn-ún. Ẹ fún pùrodúsà ní ẹ̀dà kan, kí ẹ sì forúkọ orin sílẹ̀ lọ́dọ̀ MCSN, ẹgbẹ́ tí àjọ ìjọba tó ń bójú tó ẹ̀tọ́ àdàkọ fún láṣẹ ní 2017 láti máa gba owó orin. Tí orúkọ yín ò bá sí nínú ìwé yẹn, kò sẹ́ni tó máa wá yín kiri láti san án.

YouTube, níbi tí fíìmù Yorùbá pọ̀ sí báyìí, ní ìdẹkùn kan. Tí ilé iṣẹ́ tó ń pín orin yín kiri bá ti fi orin náà sínú Content ID, ìyẹn ètò tí YouTube fi ń dá orin mọ̀, YouTube á dá a mọ̀ nínú fíìmù pùrodúsà, owó ìpolówó fíìmù á bẹ̀rẹ̀ sí í lọ sọ́dọ̀ ẹlòmíì, pùrodúsà á sì pè yín ní olè. Kí fíìmù tó jáde, ẹ kọ̀wé sí ilé iṣẹ́ náà pé kí wọ́n yọ ìkànnì pùrodúsà sílẹ̀. Ẹ ṣe é ní ọ̀sẹ̀ kan ṣáájú ọjọ́ ìjáde. Bí wọ́n bá ti gba owó lọ tán, àtigbà á padà máa ń pẹ́.

Ọ̀nà yìí ni Ifẹ̀ ti lágbára jù, ìdí rẹ̀ ni ìlù. Nínú ọ̀pọ̀ fíìmù, ibi tí òrìṣà yòówù bá ti yọjú ni wọ́n ti ń sọ bàtá sí. Bàtá ti Ṣàngó àti eégún ni. Ìgbìn ni ti Ọbàtálá, ìpèsè ni ti Ifá, àgẹ̀rẹ̀ ni ti Ògún àti àwọn ọdẹ, Òsírìgì sì jẹ́ ìlù ààfin Ọọ̀ni. Ẹni tó wà ní Ifẹ̀ lè rí ẹni tó mọ wọ́n lù lóòótọ́, láìwọ ọkọ̀ lọ síbì kankan, tó bá sì fi wọ́n sínú fíìmù bó ṣe yẹ, kò sí kọ̀ǹpútà Èkó tó máa bá a dù ú. Ẹ má ta irú ohùn bẹ́ẹ̀ tán láé.

Gbígba ohùn ìlù ní ìlànà tirẹ̀. Kí ìyáàlù ní máíkì tirẹ̀, ní nǹkan bíi 60 sẹ̀ǹtímítà sí awọ. Kí kẹríkẹrì àti gúdúgúdú wà ní mítà méjì sí i, kí ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ jìnnà jù, nítorí ohùn rẹ̀ máa ń gun orí gbogbo máíkì. Ẹ pa jẹnẹrétọ̀. Ínfátà ni kí ẹ fi gba ohùn, torí ariwo ẹ̀rọ tó bá ti wọ inú ohùn ìyáàlù kò ṣeé yọ láìba ohùn ìlù náà jẹ́. Lásìkò òjò, awọ máa ń fa omi, ohùn á wálẹ̀. Ẹ gbé ìlù sórùn tàbí sẹ́bàá iná kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀, ẹ sì tún gbọ́ ọ wò láàárín ìgbà kan sí òmíràn. Ẹ má fipá fi ìró ago kọ̀ǹpútà sí onílù létí. Ẹ jẹ́ kí ìyáàlù máa ṣáájú, kí kọ̀ǹpútà wá tẹ̀lé ìrìn rẹ̀ lẹ́yìn náà. Ó gba àkókò, àmọ́ ìlù á mí. Ẹ tún ní kí onílù fi ẹnu sọ ohun tí ìlù ń wí, kí ẹ kọ ọ́ sílẹ̀, nítorí ìlù tó ń bú ọba níbi tí fíìmù ti ń yìn ín á tẹ́ gbogbo yín níwájú àwọn tó gbọ́ ìlù.

Kí onílù àti asunrárà kọ̀ọ̀kan fọwọ́ sí ìwé kékeré kan pé wọ́n gbà kí ẹ lo ohùn wọn, iye tí wọ́n gbà, àti ibi tí ẹ máa lò ó dé. Òfin fún àwọn náà ní ẹ̀tọ́ lórí ohun tí wọ́n ṣe. Àpọ́nlé tó tọ́ sí wọn ni.

Ẹ fi iye dátà sínú ìnáwó. WAV oníhà méjì (sítẹ́ríò) ní 48 kHz, 24 bit, jẹ́ nǹkan bíi MB 17 ní ìṣẹ́jú kan. Orin ìṣẹ́jú 40 tí ẹ pín sí ọ̀nà márùn-ún (ìlù, ohùn, kíbọ́ọ̀dù, fèrè, ariwo àyíká) á sún mọ́ GB 3.5. Bí íntánẹ́ẹ̀tì bá ń fa ẹsẹ̀, ẹ gbé e sórí fíláàṣì, ẹ fi rán awakọ̀.

Ilé ìpamọ́ orin lórí íntánẹ́ẹ̀tì

Àwọn ilé yìí máa ń gba orin yín sílẹ̀, ẹni tó ń ṣe fídíò ní ibikíbi láyé á sanwó lò ó, ẹ̀yin àti ilé náà á pín in. Dọ́là ló ń wọlé, ẹ ò sì ní dúnàá-dúrà pẹ̀lú ẹnikẹ́ni. Àmọ́ orin mẹ́wàá kò lè ṣe nǹkan kan níbẹ̀. Ẹni tó ń rí owó gidi ní ọgọ́rọ̀ọ̀rún orin lórí rẹ̀. Ẹ wo bí wọ́n ṣe ń sanwó kí ẹ tó forúkọ sílẹ̀, àwọn kan kì í san sí báǹkì Nàìjíríà tààrà. Ẹ wo bóyá wọ́n fẹ́ orin náà fún ara wọn nìkan. Bí bẹ́ẹ̀ bá ni, ẹ ò lè fi yá fíìmù mọ́. Ẹ má sì fi ègé orin tí ẹ rà lórí íntánẹ́ẹ̀tì ṣe ohun tí ẹ kó síbẹ̀, nítorí ẹgbẹ̀rún èèyàn ló ní ègé kan náà, Content ID á kàn máa da yín pọ̀ mọ́ ara yín ni.

Èrò wa ni pé ọ̀nà yìí kò tó oúnjẹ fún ẹnikẹ́ni lónìí tó bá jẹ́ orin abẹ́lẹ̀ lásán ló ń kó síbẹ̀, torí ẹ̀rọ ti ń ṣe irú rẹ̀ ní owó pọ́ọ́kú. Èyí tó bá ní dùndún tàbí àgẹ̀rẹ̀ gidi nínú ló ṣì yàtọ̀ létí olùrà.

Kíkọ orin fún olórin àti ìpolówó

Ìpolówó ló ń sanwó kíákíá jù nínú gbogbo rẹ̀. Great FM 94.5 wà ní Ifẹ̀, NTA wà níbẹ̀, ilé ẹ̀kọ́ aládàáni, oníṣòwò ọjà Iléṣà àti olóṣèlú kò sì dẹ́kun láti wá ẹni tó máa ṣe orin àáyá 30 tàbí 60. Ọjọ́ méjì, ó parí. Ẹ kọ ọ́ sínú ìwé pé oṣù mélòó ni wọ́n máa fi lò ó. Bí ó bá kọjá bẹ́ẹ̀, kí wọ́n san òmíràn.

Ti olórin ló nílò sùúrù. Lọ́jọ́ tí ẹ bá kọ orin náà, kí ẹ tó dìde nínú sítúdíò, ẹ kọ ìwé ìpín: ta ló kọ ọ̀rọ̀, ta ló dá ohùn rẹ̀, ta ló ṣe ìlù, ìpín kálukú, àròpọ̀ rẹ̀ gbọ́dọ̀ jẹ́ ọgọ́rùn-ún gẹ́lẹ́. Ọ̀pọ̀ èèyàn máa ń fi ìdajì fún ọ̀rọ̀, ìdajì fún ohùn, kí wọ́n tó wá yọ ti ẹni tó ṣe ìlù. Bí orin náà bá ti gbajúmọ̀ tán, kò sẹ́ni tó máa rántí pé ẹlòmíì wà níbẹ̀.

Ta ni kó mú èwo?

Akẹ́kọ̀ọ́ OAU tó ní kọ̀ǹpútà kan àti kíbọ́ọ̀dù kékeré, tí kò tíì ní iṣẹ́ kankan láti fi hàn: kó ta orin abẹ́lẹ̀ fíìmù kékeré méjì tàbí mẹ́ta tán, kó sì dá orin onífẹnukọ dúró fún ara rẹ̀. Reaper, ètò kọ̀ǹpútà fún ṣíṣe orin, tí ìwé àṣẹ rẹ̀ jẹ́ dọ́là 60 fún ẹni tí owó tó ń rí kò pọ̀, tó fún un. Kò nílò ohun tó wọ́n ju bẹ́ẹ̀ lọ ní ọdún àkọ́kọ́.

Ọmọ àyàn, tàbí ẹni tí onílù gidi gbà láti bá ṣiṣẹ́: kó fi yá wọn. Kó má fọwọ́ sí ìwé àtàtán kankan lórí ohùn ìlù, bó ti wù kí owó náà dùn tó lójú. Bí pùrodúsà bá kọ̀, kó fún un ní orin kíbọ́ọ̀dù, kó gbé ìlù rẹ̀ pamọ́ fún ẹlòmíì.

Ẹni tó ti ní iṣẹ́ oṣù, bí olùkọ́ tàbí aṣíwájú orin ní ṣọ́ọ̀ṣì, tí kò lè fi 20 ọjọ́ gbáko sílẹ̀ fún fíìmù kan: kó mú ìpolówó àti orin fún olórin. Pẹ̀lú ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ mélòó kan, ó lè parí ọ̀kan.

Ilé ìpamọ́ orin wà fún ẹni tó ti ní orin púpọ̀ tí fíìmù kọ̀ tàbí tí àdéhùn yíyálò rẹ̀ ti parí. Kó kó wọn síbẹ̀, lẹ́yìn tó bá ti yẹ̀ ẹ́ wò pé kò sí pùrodúsà kankan tí ọdún tó ṣèlérí fún un pé ẹlòmíì ò ní lo orin náà ṣì ń ka, kó sì padà sídìí iṣẹ́ tuntun.